"Á Jẹ́" Yàtọ̀ Sí "Ni": Bí Gírámà Kòríà Ṣe Kó Wa Sí Gbèsè ní Ládípọ̀

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ẹtì kan nínú oṣù kẹfà ọdún 2023, mo jókòó sórí àpótí onírin nínú ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbọ́n ìyá mi ní ọjà Ládípọ̀, ní Mushin. Mo gbé fóònù dání, mo sì ń bá ọkùnrin ará Kòríà kan sọ̀rọ̀. Àwọn ọmọ iṣẹ́ mẹ́ta pa iṣẹ́ tì, wọ́n yí mi ká. Ẹni tó ń tú ẹ́ńjìnnì níwájú ṣọ́ọ̀bù kejì pàápàá gbé sípánà rẹ̀ sílẹ̀. Ìran ni mo jẹ́ fún wọn lọ́jọ́ náà: ọmọ tí wọ́n mọ̀ láti kékeré ní Ìdí-Òro ló wá ń fọ èdè tó dà bí ẹni pé inú tẹlifíṣọ̀n ló ti jáde. Bàbá Ládípọ̀, bí gbogbo ẹbí ṣe máa ń pe ẹ̀gbọ́n ìyá mi yìí, tẹjú mọ́ ẹnu mi bí ẹni tó ń dúró de ọ̀rọ̀ lẹ́nu babaláwo.

Ìbéèrè kan ṣoṣo ló kù tí wọ́n fẹ́ kí n bi ọkùnrin náà: ìgbà wo ni kọ̀ntéénà yóò gúnlẹ̀ sí Èkó? Ọkùnrin náà dákẹ́ díẹ̀, ó mí kanlẹ̀, ó ní, "글쎄요, 팔월일 거예요." Bí ó ṣe dún létí mi nìyí: "kulsẹyo, parwọril kọyẹyo." Mo yíjú sí Bàbá Ládípọ̀, mo sì fi ìgboyà ẹni tó mọ̀ ọ́n sọ fún wọn pé, "Wọ́n ní oṣù kẹjọ ni, Bàbá."

Irọ́ ni mo pa. N kò mọ̀ pé irọ́ ni, ṣùgbọ́n àìmọ̀ mi kò sọ ọ́ di òótọ́.

Kí n tó sọ ohun tí irọ́ náà jẹ wá, ó yẹ kí n sọ bí èdè Kòríà ṣe dé ẹnu mi. Ní alẹ́ ọjọ́ 30 oṣù kẹta ọdún 2020 ni òfin kónílé-ó-gbélé bẹ̀rẹ̀ ní Èkó nítorí àrùn kòrónà. Inú yàrá kan ní Àgùdà, ní Sùúrùlérè, ni èmi àti àbúrò mi obìnrin há mọ́. Fíìmù Parasite ti gba ẹ̀bùn Oscar ní oṣù kejì ọdún náà, eré Kòríà sì wà lórí fóònù gbogbo ọ̀dọ́ àdúgbò. Àbúrò mi ń wò ó nítorí ìfẹ́ tó wà nínú rẹ̀. Èmi ní tèmi, ìparí gbólóhùn wọn ni mo ń tẹ́tí sí. Bí wọ́n bá ti sọ̀rọ̀ tán, "yo" ni wọ́n fi ń kádìí rẹ̀, bí àwọn ìyá àgbà àdúgbò wa ṣe máa ń fi "o" parí ìkìlọ̀. Mo fẹ́ mọ ohun tí "yo" náà ń ṣe níbẹ̀.

Àwọn lẹ́tà wọn, Hangul, tí Ọba Sejong gbé jáde fún àwọn ará ìlú ní ọdún 1446, kò gbà ju ọ̀sẹ̀ kan lọ lọ́wọ́ mi. Kọ́ńsónáǹtì ìpìlẹ̀ mẹ́rìnlá àti fáwẹ́lì ìpìlẹ̀ mẹ́wàá ni. Ọ̀kan wà nínú àwọn fáwẹ́lì náà, 어, tí ìwé tí wọ́n fi Gẹ̀ẹ́sì kọ ń fi lẹ́tà méjì dípò rẹ̀, tó sì ń ṣe wàhálà gan-an kó tó ṣàlàyé bí a ṣe ń pè é. Èmi gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan péré, mo sì dá a mọ̀. "Ọ" wa ni, tàbí kí n sọ pé ìbátan rẹ̀ tó sún mọ́ ọn jù lọ ni. Ó yẹ kí ìyẹn ti kọ́ mi lọ́gbọ́n láti ìbẹ̀rẹ̀. Kò kọ́ mi.

Lẹ́yìn lẹ́tà ni ọ̀rọ̀ kékeré tí gbogbo ilé náà dúró lé: 이다, "ida". Òun ni "ni" ti àwọn ará Kòríà. Bí wọ́n bá fẹ́ sọ pé omi ni, ọ̀rọ̀ tó túmọ̀ sí omi, 물, ló máa ń ṣíwájú, "ni" á sì tẹ̀ lé e: 물이에요. Bó bá jẹ́ ọ̀rẹ́ ni, 친구예요. Ìwé Gẹ̀ẹ́sì mi fi odindi ojú-ìwé kan kìlọ̀ fún òǹkàwé pé ẹ̀yìn ọ̀rọ̀-orúkọ ni ọ̀rọ̀ yìí máa ń wà, pé a lè má dárúkọ ẹni tàbí ohun tí à ń sọ rárá, àti pé kì í yí padà nítorí pé èmi ni, ìwọ ni, tàbí àwọn ni. Kí ló ṣòro níbẹ̀ fún ọmọ Yorùbá? Bí ẹnìkan bá bi wá pé kí ló wà nínú kẹ́ẹ̀gì, ṣebí "omi ni" là ń dáhùn?

Kódà ìwà wọn jọra. Tiwọn máa ń jẹ́ 이에요 lẹ́yìn kọ́ńsónáǹtì, á sì súnkì di 예요 lẹ́yìn fáwẹ́lì. Tiwa náà ń paradà bí fáwẹ́lì bá wà nítòsí: "èmi ni ó ṣe é" á di "èmi ló ṣe é". Bí a bá fẹ́ kọ̀, a kì í sọ pé "omi kò ni". Ọ̀rọ̀ mìíràn wà tí a yà sọ́tọ̀ fún un: "omi kọ́." Àwọn náà ya tiwọn sọ́tọ̀: 물이 아니에요. Èyí tó sì wù mí jù lọ ni ọ̀wọ̀. Àwa ń fi arọ́pò-orúkọ bọ̀wọ̀ fún àgbà, "ìyá wa ni wọ́n" là ń wí. Àwọn ará Kòríà fi ọ̀wọ̀ náà sínú "ni" fúnra rẹ̀. Ọ̀rẹ́ sí ọ̀rẹ́, 친구야. Sí ẹni tí a kò fi bẹ́ẹ̀ mọ̀, 친구예요. Níwájú ọ̀gá, tàbí lẹ́nu oníròyìn, 친구입니다. Bó bá jẹ́ àgbà ni à ń sọ̀rọ̀ rẹ̀, ègé kékeré kan, 시, á wọ àárín, tí yóò fi di 우리 어머니세요. Ìtumọ̀ èyí gan-an ni "ìyá wa ni wọ́n", nítorí pé àwọn náà kì í sábà sọ pé "ìyá mi", "ìyá wa" ni wọ́n ń wí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọmọ kan ṣoṣo ni ìyá náà bí. Ọmọ tí wọ́n ti gbá létí rí ní Mushin nítorí pé ó pe àgbàlagbà ní "ìwọ" kò nílò àlàyé gígùn lórí ìyẹn.

Mo lọ títí dé ibi ohun tó ti kọjá. 학생이에요, akẹ́kọ̀ọ́ ni. 학생이었어요, akẹ́kọ̀ọ́ ni tẹ́lẹ̀. Lẹ́yìn náà ni mo dé ọjọ́ iwájú. Ìwé mi kọ 일 거예요 sí ìlà kẹta nínú àtẹ, ó sì kọ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì méjì sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ tó túmọ̀ sí "yóò jẹ́". Àkíyèsí kékeré kan wà lábẹ́ àtẹ náà, tí wọ́n fi lẹ́tà wínníwínní tẹ̀. Mo fò ó. Mo há àtẹ náà sórí bí ọmọ iléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ṣe ń há ìsọdipúpọ̀: ó jẹ́ tẹ́lẹ̀, ó jẹ́ nísinsin yìí, yóò jẹ́ lọ́la. Ó tán.

Ìmọ̀ ìdajì yìí ni mo gbé lọ sí Ládípọ̀ lọ́dún kẹta. Ẹni tó bá ti ra páàtì ọkọ̀ rí ní Èkó mọ ọjà náà, ó sì mọ̀ pé Hyundai àti Kia pọ̀ lójú pópó wa débi pé ẹni tó ń ta ẹ́ńjìnnì wọn kò lè fi gbogbo ọjọ́ jókòó lásán. Tòkunbọ̀ ni Bàbá Ládípọ̀ ń tà, ìlú Incheon, níbi tí wọ́n ti ń kó ọ̀pọ̀ ọkọ̀ àlòkù Kòríà lọ sí òkè òkun, ni ẹrù wọn sì ti ń wá. Ọmọ Nàìjíríà kan tó ń gbé níbẹ̀ ló máa ń ṣe alágbàsọ fún wọn, tó sì ń gba owó tirẹ̀ lórí rẹ̀. Nígbà tí onítọ̀hún padà wálé, èmi ni mo yọjú. Mo ní kí wọ́n má wulẹ̀ wá ẹlòmíràn, ọmọ tó gbọ́ èdè náà wà nílé. Ìgbéraga wà nínú ọ̀rọ̀ yẹn, n kò ní tan yín.

Bàbá Ládípọ̀ kò fi ọ̀rọ̀ mi ṣeré. Lórí "oṣù kẹjọ ni" tí mo sọ, wọ́n yá owó lọ́wọ́ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, pẹ̀lú àdéhùn pé ìparí oṣù kẹsàn-án ni wọn yóò dá a padà. Wọ́n gba àsansílẹ̀ lọ́wọ́ mẹkáníìkì méjì. Wọ́n ka owó tí wọn yóò fi gba ẹrù jáde ní èbúté Tin Can, wọ́n sì yà á sọ́tọ̀ ní náírà. Bẹ́ẹ̀ oṣù kẹfà yẹn gan-an ni Báǹkì Àpapọ̀ tú náírà sílẹ̀ kó lọ wá iye ara rẹ̀ lọ́jà. Oṣù kẹjọ dé, ó lọ. Oṣù kẹsàn-án dé, ó lọ. Ọ̀sẹ̀ kejì oṣù kẹwàá ni kọ̀ntéénà tó gúnlẹ̀, dọ́là kan sì ti kọjá ₦1,000 lọ́wọ́ àwọn tó ń ṣẹ́ owó ní ẹ̀gbẹ́ títì. Owó tí wọ́n yà sọ́tọ̀ kò tó ẹrù gbà mọ́. Èlé ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ti ń gun orí ara wọn. Ọ̀kan nínú àwọn mẹkáníìkì náà gba owó rẹ̀ padà, kò sì tún yà sí ṣọ́ọ̀bù náà mọ́ títí di òní.

Bàbá Ládípọ̀ ta Kia tí àwọn fúnra wọn ń gùn. Láti ìgbà náà, ẹni ọdún 58, danfo ni wọ́n ń wọ̀ láti Ìsọlọ̀ wá sọ́jà, tí wọ́n á sì tún fẹsẹ̀ rìn wọlé.

Wọn kò bínú sí mi rárá, ará Kòríà ni wọ́n bínú sí. "Irọ́ kò ní ẹ̀yà," ni wọ́n sọ fún ìyá mi, "ẹni tó ní oṣù kẹjọ ni, oṣù kẹwàá ló kó ẹrù dé." Mo bá wọn bínú sí ọkùnrin náà. Mo tilẹ̀ jókòó kọ lẹ́tà gígùn kan sí i ní èdè rẹ̀, ọ̀rọ̀ kòbákùngbé ló kún inú rẹ̀. Ọlọ́run ló ní n kò fi ránṣẹ́.

Ní oṣù kìíní ọdún 2024, mo rí kíláàsì kékeré kan ní Yaba, nítòsí Sábó. Àárọ̀ ọjọ́ Àbámẹ́ta ni à ń pàdé, àwa mẹ́sàn-án, nínú yàrá kan tí ẹ̀rọ amúnáwá ilé ẹ̀gbẹ́ kì í jẹ́ ká gbọ́ ara wa. Ilé Àṣà Kòríà wà ní Àbújá láti ọdún 2010, ṣùgbọ́n Àbújá jìnnà sí ẹni tó ní iṣẹ́ lọ́jọ́ Ajé. Ọmọ Yunifásítì Èkó méjì wà láàárín wa tí wọ́n ń wá ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ tí ìjọba Kòríà máa ń fún àwọn ọmọ ilẹ̀ òkèèrè. Ọdún kan gbáko ni àwọn tó bá rí i gbà fi ń kọ́ èdè náà lọ́hùn-ún, wọ́n sì gbọ́dọ̀ dé ìpele kẹta nínú ìdánwò TOPIK kí wọ́n tó bọ́ sínú ẹ̀kọ́ tí wọ́n tìtorí rẹ̀ lọ. Obìnrin kan wà tó ń ta irun ní Tejúoṣó. Olùkọ́ wa, ọmọ Yorùbá bíi tiwa, ti gbé ìlú Seoul fún ọdún díẹ̀.

Iṣẹ́ tí wọ́n fún wa ní ọ̀sẹ̀ kẹta ni pé kí kálukú kọ ohun tó fẹ́ dà. Ọ̀kan nínú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì náà, tó ń kọ́ ìmọ̀ ìṣègùn, dìde, ó ka tirẹ̀: "저는 의사일 거예요." Ohun tó ní lọ́kàn ni pé òun yóò jẹ́ dókítà. Olùkọ́ wa bú sẹ́rìn-ín.

"Ṣé ìwọ fúnra rẹ kò mọ̀ bóyá dókítà ni ọ́?"

Ọmọ náà ń wò. Àwa náà ń wò. Olùkọ́ wa pa ohun tó wà lára pátákó rẹ́. "Ẹ gbàgbé Gẹ̀ẹ́sì fún ìṣẹ́jú kan. Bí ẹnìkan bá kanlẹ̀kùn yín lálẹ́, tí ẹ kò tíì ṣí i, kí ni ẹ máa ń sọ fún ẹni tí ẹ jọ wà nínú ilé?"

Obìnrin onírun dáhùn pé, "Á jẹ́ Ìyá Ìbejì."

"Ṣé ó di ọ̀la kí Ìyá Ìbejì tó di Ìyá Ìbejì ni?"

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. "Ohun tí 일 거예요 jẹ́ nìyẹn," ni olùkọ́ wa wí. "Ẹ ń méfò. Ẹni tó wà lẹ́nu ọ̀nà ti jẹ́ ẹni tó jẹ́, ẹ̀yin ni ẹ kò tíì rí i."

Wọ́n wá tú ọ̀rọ̀ náà sí wẹ́wẹ́ fún wa. 일 거예요 kì í ṣe ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Ara "ni" ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. ㄹ kékeré tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ń fi hàn pé ohun náà kò tíì fìdí múlẹ̀. 거 túmọ̀ sí "nǹkan". 예요 tó parí rẹ̀ sì ni "ni" tí a ti mọ̀ láti ẹ̀kọ́ kejì. Bí a bá tò ó bó ṣe wà, ohun tó ń sọ ni pé "nǹkan tí yóò jẹ́ báyìí ni." "Ni" méjì ló wà nínú rẹ̀, ọ̀kan níwájú, ọ̀kan lẹ́yìn. Bákan náà ni 갈 거예요, tí à ń fi sọ pé ẹnìkan yóò lọ: lílọ, ㄹ, nǹkan, "ni". Bí mo bá ń sọ nípa ara mi, ìpinnu mi ni. Bí mo bá ń sọ nípa ẹlòmíràn, tàbí nípa ọkọ̀ ojú omi, ohun tí mo gbà gbọ́ lásán ni.

Ẹni tó fẹ́ di dókítà kò gbọdọ̀ lo "ni" rárá. 되다, "di", ni yóò lò: 의사가 될 거예요, màá di dókítà. Ẹ wò ó bí àwa náà ṣe ń sọ ọ́. Kò sí Yorùbá tí yóò sọ pé "dókítà yóò ni mí". "Ni" wa kì í bá "yóò" rìn. Bí a bá fẹ́ mú un dé ọjọ́ iwájú, a ní láti fi "jẹ́" tàbí "di" rọ́pò rẹ̀. Nígbà tí mo sì wí fún Bàbá Ládípọ̀ pé "oṣù kẹjọ ni," mo ti ilẹ̀kùn pa, mo sì fi kọ́kọ́rọ́ pamọ́. Ohun tí ọkùnrin náà sọ ni pé "á jẹ́ oṣù kẹjọ." "글쎄요" tó fi ṣíwájú rẹ̀ ni ohun tí à ń wí bí a bá ń họ orí: "hùn-ún, báwo ni n óò ti wí i." Ẹ̀ẹ̀mejì ló sọ fún mi pé òun kò mọ̀ dájú. Èmi ni mo sọ di ìdánilójú lẹ́ẹ̀kan.

N kò gbọ́ ìyókù ẹ̀kọ́ ọjọ́ náà dáadáa, àfi ibi kan. Olùkọ́ wa ní ará Kòríà tó bá fẹ́ ṣèlérí kì í sábà fi 거예요 ṣe é. Bó bá ń bá ẹni tó ń gbọ́ ọ ṣàdéhùn, ㄹ게요 ló máa ń lò, ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nìkan ló sì lè lò ó nípa ara rẹ̀. 겠 náà wà, tó jẹ́ ọ̀rọ̀ ẹni tó ti pinnu, tí wọ́n fi ń sọ pé "ó ti yé mi" fún ọ̀gá, tí wọ́n sì fi ń dúpẹ́ kí wọ́n tó fọwọ́ kan oúnjẹ. Àwọn tó ń sọ bí ojú ọjọ́ yóò ṣe rí lórí tẹlifíṣọ̀n wọn náà ń lò ó, bóyá nítorí pé iṣẹ́ wọn ni kí ó dájú lẹ́nu wọn, bó dájú lójú sánmà tàbí kò dájú.

Mo rántí. Lórí ìpè ọjọ́ Ẹtì yẹn, kó tó dágbére, ọkùnrin náà sọ nípa ìwé ẹrù pé "오늘 보낼게요," màá fi ránṣẹ́ lónìí. Mo ṣí fóònù mi nínú danfo tó ń gbé mi láti Yaba lọ sí Ojúẹlẹ́gbà, mo sì wá ìwé náà kàn. Ọjọ́ yẹn gan-an ló fi ránṣẹ́. Ohun tó ṣèlérí, ó ṣe é. Ohun tó méfò, kò ṣẹ.

Kí ẹnikẹ́ni má rò pé mo ń sọ pé ọmọ ìyá kan náà ni èdè wa àti tiwọn. Wọn kò bára wọn tan. Ẹ̀yìn gbólóhùn ni ọ̀rọ̀-ìṣe tiwọn ń sùn, wọ́n sì ń so ègé mọ́ ègé lára rẹ̀ bí ẹni ń so ìlẹ̀kẹ̀. Tiwa kì í rí bẹ́ẹ̀. Àwọn onímọ̀ gírámà wa pàápàá kò tíì fẹnu kò lórí bóyá àsìkò ni "yóò" àti "á" ń tọ́ka sí tàbí nǹkan mìíràn. Èmi kì í ṣe ọ̀kan nínú wọn. Ohun tí mo mọ̀ ni pé "á tó ẹni àádọ́ta ọdún" là ń wí nípa ẹni tó ń kọjá lọ lójú títì lónìí, "á ti délé báyìí" là sì ń wí nípa ẹni tó ti kúrò lọ́dọ̀ wa lánàá. Ọ̀rọ̀ tí mo nílò ní Ládípọ̀ wà lẹ́nu mi láti ọmọdé. Ṣùgbọ́n bí ọkùnrin náà ti ń sọ̀rọ̀, ojú-ìwé Gẹ̀ẹ́sì ni mo sáré lọ wò lọ́kàn mi, ibẹ̀ ni mo sì ti mú Yorùbá tí kò bá a mu wá. Láti ọjọ́ yẹn, etí òsì ìwé mi ni mo ń kọ ìtumọ̀ sí, ní Yorùbá, kí n tó ka èyí tí wọ́n tẹ̀.

Ó gbà mí ní ọjọ́ mẹ́sàn-án kí n tó lè lọ jẹ́wọ́. Ní ọjọ́ Ajé, mo tọrọ àyè níbi iṣẹ́, mo sì lọ sí Ládípọ̀. Mo kúnlẹ̀ láàárín àwọn gíà bọ́ọ̀sì, mo ṣàlàyé ohun gbogbo: ㄹ, 거, Ìyá Ìbejì tó ń kanlẹ̀kùn. Bàbá Ládípọ̀ gbọ́ mi tán láìdá sí i. Wọ́n fi àkísà nu ọwọ́ wọn, ìka kan tẹ̀ lé èkejì.

"Ìyẹn ni pé ọkùnrin yẹn kò purọ́?"

"Kò purọ́, Bàbá. Èmi ni mo ṣì í túmọ̀."

"Oṣù mẹ́ta ni mo fi ń ṣépè fún ọmọ ọlọ́mọ." Wọ́n mirí. "Dìde. Ilẹ̀ yẹn ní òróró."

Mo dìde, òróró sì ti wọ aṣọ mi. Mo ní kí wọ́n jọ̀ọ́ nítorí ọkọ̀ wọn. Wọ́n ní ọkọ̀ náà ti ń dààmú àwọn tẹ́lẹ̀. Kò dààmú wọn rí. Èmi àti àwọn la jọ mọ̀ bẹ́ẹ̀. Láti ìparí oṣù náà ni mo ti ń mú ₦15,000 wá fún wọn nínú owó oṣù mi. Wọ́n máa ń gbà á láìkà á, wọ́n á sì fi sínú àpò òkè. Ìyá mi ní kí wọ́n má gbà á. Wọ́n ní kí ìyá mi má dá sí ọ̀rọ̀ oníṣòwò méjì.

Ohun tí wọ́n béèrè lọ́jọ́ náà kí n tó kúrò ni bí wọ́n ṣe ń tọrọ àforíjì lọ́hùn-ún, nítorí pé nínú ìbínú wọn, wọ́n ti fi ohùn kan ránṣẹ́ sí ọkùnrin náà ní oṣù kẹwàá. Gẹ̀ẹ́sì àti Yorùbá ló pọ̀ nínú rẹ̀, ìdí nìyẹn tí n kò fi rò pé gbogbo rẹ̀ yé e. A jọ ka 죄송합니다 ní ìgbà mẹ́wàá. "Chesong hamnida" ni wọ́n kọ sí ẹ̀yìn páálí kan. Wọ́n gbohùn sílẹ̀ fúnra wọn, wọn kò jẹ́ kí n bá wọn sọ ọ́. Ọkùnrin náà fèsì ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, ó ní kò burú, ó sì béèrè bóyá wọ́n ṣì nílò ẹ́ńjìnnì.

Ní ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn náà, mo tún wà lórí àpótí onírin yẹn. Àwọn ọmọ iṣẹ́ kò wulẹ̀ dìde mọ́. Bàbá Ládípọ̀ ní kí n béèrè ìgbà tí ẹrù tuntun yóò dé. Ọkùnrin náà dákẹ́, ó mí kanlẹ̀ bíi ti ìjọ́sí, ó ní, "오월일 거예요."

"Kí ló wí?"

"Ó ní á jẹ́ oṣù karùn-ún, Bàbá."

"Á jẹ́ ni, àbí oṣù karùn-ún ni?"

"Á jẹ́."

Wọ́n mú pẹ́ńsùlù kúrò lẹ́yìn etí wọn, wọ́n ṣí ìwé ọjà, wọ́n sì kọ "oṣù keje" sí i.